Irun Tí Wenzira Fi Ṣe Okùn Kolubi

Tí ẹ bá fẹ́ rí ìbínú Wenzira, ẹ sọ níwájú rẹ̀ pé irun lásán ni irun. Obìnrin tó máa ń rọra sọ̀rọ̀ yìí á gbé iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ kalẹ̀, á wò yín láti òkè délẹ̀, á sì bi yín bóyá ẹ nílé tí ẹ ń padà sí. Iṣẹ́ irun ni wọ́n bí i sí. Ìyá rẹ̀ ṣe é títí ojú rẹ̀ fi di bàìbàì, ìyá ìyá rẹ̀ náà ṣe é. Àwọn ni wọ́n ń lọ́ okùn fún Selume, dùùrù ńlá tó dúró lórí Àpáta. Bí kì í bá ṣe ọpẹ́lọpẹ́ dùùrù yìí, kò sẹ́ni tí ì bá mọ ibi tí ará ilé rẹ̀ wọlẹ̀ sí lórí adágún Tumelu.

Ìféfé, koríko gíga etí omi, ni ilé wa. A tẹ́ ìféfé lé orí ìféfé títí ó fi di erékùṣù, a kọ́lé sórí rẹ̀, a ń sin pẹ́pẹ́yẹ níbẹ̀, a sì ń bímọ síbẹ̀. Tí òjò bá dé, ìjì á tú wa ká, kálukú á gba ibi tí omi bá gbé e gbà. Ó dìgbà tí ẹ̀ẹ̀rùn bá wọlé, tí Dovare, ìyá àgbà tó ń ta dùùrù wa, bá gun Àpáta, tó jókòó ti Selume, tó ta okùn erékùṣù kọ̀ọ̀kan, kí a tó máa bọ̀ wálé. Erékùṣù tí wọ́n bá ta okùn rẹ̀ á gbọ́, á yí padà, á sì máa bọ̀, ìbáà jẹ́ pé ibòmíràn ni omi ń ṣàn lọ. Bí gbogbo wa bá ti so mọ́ Àpáta tán, a ó ṣègbéyàwó, a ó sìnkú, a ó sì bá ara wa jà dáadáa kí òjò tó tún dé.

Ta ló gbẹ́ Selume? Ẹ bi àwọn àgbà, kálukú wọn á sọ tirẹ̀, wọn á sì búra sí i. Èyí tó dájú ni pé ó ga ju ọkùnrin méjì tó gun ara wọn léjìká lọ, àti pé erékùṣù kọ̀ọ̀kan ló ní èèkàn àti okùn tirẹ̀ lára rẹ̀. Irun àwọn tó ń gbé erékùṣù náà ni wọ́n fi ń ṣe okùn ọ̀hún. Bí ìyàwó tuntun bá wọlé, Wenzira á gé irun rẹ̀, á lọ́ ọ mọ́ okùn ilé ọkọ rẹ̀, kí Selume lè mọ ibi tó ń gbé báyìí. Àwọn ìyàwó máa ń sunkún. Wenzira á ní kí wọ́n fara balẹ̀, pé irun á tún hù, ọkọ ni wọ́n máa mú mọ́ra bó ṣe wà.

Ọmọ kan ṣoṣo ni Wenzira bí, Lisheka. Nígbà tí Lisheka sọ pé ará Kolubi, ọ̀kan nínú àwọn erékùṣù wa, lòun máa fẹ́, Wenzira bẹnu àtẹ́ lu Kolubi fún odindi ẹ̀ẹ̀rùn kan. Ó ní wọ́n lágídí. Ó ní ewé kíkan tí wọ́n fi ń yan ẹja ń rùn débi pé èèyàn á gbóòórùn wọn kó tó rí wọn. Lisheka gbọ́ gbogbo rẹ̀ tán, ó rẹ́rìn-ín, ó sì gbà láti fẹ́ ọmọ Temuzo, olórí Kolubi. Ṣùgbọ́n ibà dá Lisheka dùbúlẹ̀ kí ọjọ́ ìgbéyàwó tó pé, wọ́n sì fá orí rẹ̀ kí wọ́n lè fi oògùn ra á lórí. Ìgbà tí ara rẹ̀ máa fi yá, òjò ti ṣú, àwọn Kolubi ti ń tú ìdè wọn, wọ́n ń pariwo pé kí ìyàwó máa bọ̀.

Okùn Kolubi ti gbó nígbà náà, ọ̀tun ni wọ́n nílò, òjò kò sì fún wọn láyè mọ́ láti gé irun àwọn ará Kolubi. Irun tó kù lórí Lisheka kò ju ohun tí èèyàn lè fi èékánná mú. Ni Wenzira bá ṣí igbá tó ń kó irun orí ara rẹ̀ sí nígbà tó bá yarun, ó bu ú lọ́pọ̀, ó sì lọ́ ọ mọ́ ti ọmọ rẹ̀. Kò fi ṣe ìkọ̀kọ̀. Ojú Dovare ló ti ṣe é, ó ní, “Irun ìyá, irun ọmọ, kí ni ìyàtọ̀ níbẹ̀?” Dovare mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni, okùn gun èèkàn, ó pé. Inú Wenzira tiẹ̀ dùn pé nǹkan òun bá ọmọ òun dé ilé ọkọ. Òjò rọ̀ lọ́jọ́ náà, Kolubi sì wọ inú òjò lọ.

Nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn dé, gbogbo erékùṣù padà àfi Kolubi. Ẹ̀ẹ̀rùn tó tẹ̀ lé e, bákan náà. Àwa níbí, a máa ń dúró de erékùṣù fún òjò mẹ́ta. Tí kò bá dé títí ẹ̀ẹ̀rùn kẹta fi ń parí, wọ́n á tú okùn rẹ̀ kúrò lára Selume, wọ́n á sun ún, a ó jẹun ọ̀fọ̀, kò sì sẹ́ni tó máa pe orúkọ rẹ̀ mọ́. Mo mọ àwọn èèkàn tó ṣófo lára Selume, ṣùgbọ́n mi ò ní kà wọ́n fún yín.

Ẹ̀ẹ̀rùn kẹta Kolubi wá wọlé. Wenzira kì í jẹ́ kí oòrùn yọ tán kó tó gun Àpáta lọ bá Dovare. Àgbàlagbà ni Dovare, eegun ẹ̀yìn ń dà á láàmú, ṣùgbọ́n kò lè kọ̀ fún un. Ní àràárọ̀ ló ń ta okùn Kolubi, ohùn rẹ̀ á dún rọ̀ǹdọ̀rọ̀ǹdọ̀ lórí omi, Wenzira á sì dúró, á máa wo ibi tí omi àti ojú ọ̀run ti pàdé. Á rí ẹyẹ. Á rí ìkùukùu. Á sọ̀kalẹ̀ padà sílé pẹ̀lú ojú tó ti pọ́n.

Ọ̀rọ̀ kan wà tó jẹ́ pé ìyangàn ni wọ́n ń fi ṣe ní Ashenda, ìyẹn erékùṣù tí Wenzira ń gbé. Láti ọdún tí Lisheka ti lọ, Ashenda ló ń kọ́kọ́ dé lọ́dọọdún. Àwọn yòókù á ṣẹ̀ṣẹ̀ máa fara hàn lọ́ọ̀ọ́kán, Kanduri ọkọ Wenzira á ti jókòó sórí Àpáta, á máa kí wọn káàbọ̀ bí ẹni pé òun ló ni ibẹ̀. Ó ní ìféfé tí òun fúnra òun gé ló mú kó yá. Kò sẹ́ni tó bi í léèrè ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, bí Wenzira ṣe ń ti orí Àpáta bọ̀, ó bá Kanduri tó kúnlẹ̀ sétí omi, tó kó pákó tó fọ́ sọ́wọ́ méjèèjì.

“Ìyá Lisheka, wá wo nǹkan tí àwọn àna wa fojú mi rí.”

“Àwọn àna wa kẹ̀? Níbo lẹ ti rí wọn?”

“Mi ò rí wọn. Ohun tó ń bí mi nínú nìyẹn. Gbogbo ìgbà tí màmá yẹn bá ti ta okùn wọn, Ashenda á fò mọ́ Àpáta bí ìyàwó tó rí ọkọ ẹ̀. Ọkọ̀ mi ló wà láàárín. Ó ti di igi ìdáná báyìí.”

“Gbogbo ìgbà tí wọ́n bá ta okùn wo?”

“Ti Kolubi ni. Ṣé o tún ń jẹ́ kí wọ́n ta òmíì láràárọ̀ ni? Mo ṣáà máa gba ọkọ̀ lọ́wọ́ Temuzo lọ́jọ́ tó bá dé. Mi ò fẹ́ mọ̀ bóyá àna mi ni.”

Wenzira yíjú sí etí omi. Ó dúró, ó wo ọkọ̀ tó fọ́, ó wo ilé wọn, ó sì yí padà, ó tún gun Àpáta. Nígbà tó dé òkè, kò lè mí dáadáa.

“Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún ta á lẹ́ẹ̀kan sí i.”

“Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ta á fún ẹ ni, ọmọ yìí. Ìka mi ti bó.”

“Ẹ ta á. Ìsàlẹ̀ ni mo fẹ́ wò lọ́tẹ̀ yìí.”

Dovare ta á. Wenzira kò wo ọ̀nà jíjìn. Ilé ara rẹ̀ ló wò. Okùn náà kò tíì dákẹ́ tí Ashenda fi gbọ̀n, tí àwọn pẹ́pẹ́yẹ figbe ta, tí erékùṣù náà rọ́ lu Àpáta, gbàà. Wọ́n gbọ́ ohùn Kanduri láti ìsàlẹ̀, tó ń ṣépè fún ẹnì kan tí kò dárúkọ.

Wenzira jókòó sílẹ̀. Ọkàn rẹ̀ bàjẹ́ débi pé kò lè sunkún. “Irun mi ni, Màmá. Irun mi ló pọ̀ jù nínú okùn yẹn. Mi ò pe ọmọ mi rí látọjọ́ yìí. Ara mi ni mò ń pè.”

Dovare gbé ọwọ́ kúrò lára dùùrù. “Èmi náà wà níbẹ̀ nígbà tó o lọ́ ọ,” ó ní. “Mo mi orí. Èmi tí mò ń ta á láti kékeré, mi ò mọ̀ pé ó mọ ìyàtọ̀ ìyá àti ọmọ.”

“Tí mo bá tú u, tí mo yọ tèmi kúrò?”

“Ti Lisheka nìkan ò lè ṣe okùn. Kò gùn tó èékánná ológbò. Irun ará Kolubi lo nílò, gbogbo wọn sì wà níbi tí Kolubi wà.”

Láti ibi tí wọ́n wà, wọ́n ń wo gbogbo etí Àpáta nísàlẹ̀. Baba kan jókòó síbẹ̀ tó ń tún àwọ̀n ṣe, tó kọjú síhà ìwọ̀ oòrùn bó ṣe máa ń ṣe lójoojúmọ́. Bargaze ni. Ẹ̀gbọ́n Temuzo, olórí Kolubi, ni, Wenzira sì tẹjú mọ́ ọn.

“Rárá o,” Dovare sọ, ẹ̀rín sì ti ń bọ́ lẹ́nu rẹ̀. “Orí ọkùnrin yẹn ń dán bí ìdí igbá.”

“Màmá, orí kọ́ ni mò ń wò. Àgbọ̀n ẹ̀ ni.”

Ó yẹ kí ẹ mọ̀ nípa irungbọ̀n Bargaze. Kó tó di ará orí Àpáta, Bargaze ló ń sọ bí ojú ọjọ́ ṣe máa rí fún Kolubi. Lọ́jọ́ kan tí àwọn àlejò wà ńlé, ó ní òjò máa rọ̀, òjò kò rọ̀, ni Temuzo àbúrò rẹ̀ bá sọ lójú gbogbo èèyàn pé Bargaze kì í mọ̀ pé òjò ń rọ̀ àfi tí irungbọ̀n rẹ̀ bá tutù. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí, àwọn kan yí gbirigbiri nílẹ̀. Bargaze di ẹrù rẹ̀ lọ́jọ́ náà, ó kó wá sórí Àpáta, ó sì búra pé abẹ kò ní kan irungbọ̀n òun títí Temuzo á fi wá kúnlẹ̀ fún òun. Irungbọ̀n náà ti dé ìdodo rẹ̀. Tó bá fẹ́ jẹun, èjìká ló máa ń kó o kọ́.

“Ṣùgbọ́n ṣé ará Kolubi ṣì ni?” Dovare béèrè. “Ó ti pẹ́ tó ti kúrò níbẹ̀.”

“Ó ń bínú sí Kolubi láti àárọ̀ dalẹ́, Màmá. Nínú gbogbo wa, ta ló tún ń ronú Kolubi tó o?”

Wenzira di ẹja yíyan àti gbòǹgbò òṣíbàtà sínú ewé, ó gbé e lọ bá Bargaze.

“Ẹ kú iṣẹ́ o, Bàbá.”

“Kí lo gbé dání? Tó bá jẹ́ Kanduri ló yan ẹja yẹn, gbé e padà. Èèyàn yẹn ò mọ ẹja yan.”

“Èmi ni mo yan án.”

“Tètè gbé e padà, jọ̀ọ́.”

Wenzira jókòó. “Mo mọ̀ pé ẹ máa jẹ ẹ́ tí mo bá kẹ́yìn sí yín. Bàbá, irungbọ̀n yín ni mo wá tọrọ.”

Bargaze gbójú sókè láti inú àwọ̀n. “Ṣé wọ́n ti ń fún ẹ lọ́tí láàárọ̀ kùtù báyìí ni?”

Ó ṣàlàyé fún un látòkè délẹ̀: irun inú igbá, Ashenda, ọkọ̀ Kanduri tó fọ́. Bargaze gbọ́ ọ láì gbójú kúrò lára iṣẹ́ rẹ̀.

“Kí Kolubi máa lọ,” ó ní. “Kó lọ títí dé ibi tí omi pin sí.”

“Ọmọ mi wà níbẹ̀.”

“Ta ló ní kó fẹ́ ará Kolubi? Ṣebí mo kìlọ̀ fún ẹ. Mo sọ fún ẹ pé olóríkunkun ni wọ́n.”

“Mo rí i bẹ́ẹ̀, Bàbá. Mo ń wo ọ̀kan nínú wọn lọ́wọ́lọ́wọ́.”

“Má fi mí ṣẹ̀sín. Mo ti búra. Temuzo máa wá síbí, á kúnlẹ̀ lórí òkúta yìí, á fẹnu ara ẹ̀ sọ pé Bargaze mọ ojú ọjọ́. Lẹ́yìn ìyẹn ni wàá wá bá mi sọ̀rọ̀ abẹ.”

Wenzira kúnlẹ̀. Àna ni wọ́n, ó ní, òun bá Temuzo kúnlẹ̀, òun sì bá a tọrọ àforíjì.

“Dìde,” ni Bargaze sọ. “Orúnkún tìẹ kọ́ ni mò ń retí.”

Ìbínú wá gun Wenzira lóòótọ́. Ó dìde, ó gbọn eruku òkúta kúrò lára ìró rẹ̀. “Ó dáa. Báwo ló ṣe fẹ́ débí?”

“Ta ni?”

“Temuzo. Ẹ ní kó wá síbí wá kúnlẹ̀ fún yín. Ṣé ó máa wẹ̀ wá ni? Tí ẹ̀ẹ̀rùn yìí bá parí, wọ́n máa tú okùn wọn, wọ́n máa sun ún. Kò ní sẹ́ni tó máa kúnlẹ̀ fún yín mọ́ láyé yìí. Ẹ óò wá jókòó síbí, ẹ̀yin àti irungbọ̀n yín, ẹ óò máa bá omi jà. Tí ẹ bá fẹ́ kó wá bẹ̀ yín, Bàbá, ẹ kọ́kọ́ jẹ́ ká pè é.”

Ọwọ́ Bargaze dúró nínú àwọ̀n. Ó wo ìwọ̀ oòrùn. Wenzira ti ń múra láti lọ.

“Ṣé gbogbo ẹ̀ ni?” Bargaze béèrè.

“Gbogbo ẹ̀ ni, Bàbá. Kolubi jìnnà.”

“O ò ní ṣẹ́ díẹ̀ kù fún mi?”

“Mo lè fi ti ètè òkè sílẹ̀.”

“Ètè òkè nìkan. Kí n wá rí bí ológbò.” Ó gbé àwọ̀n jù sílẹ̀. “Mú ọ̀bẹ wá kí n tó yíhùn padà.”

Nígbà tí Wenzira ń gé e, baba náà di ojú rẹ̀ pinpin, omi sì ń jáde lábẹ́ ìpéǹpéjú rẹ̀. Ó ní èéfín ẹja yẹn ló ń ta òun lójú. Ẹja náà ti tutù láti àná. Wenzira tọrọ àforíjì lórí ọ̀rọ̀ èéfín, ó sì ń gé irungbọ̀n lọ.

Títú okùn àtijọ́ náà ló nira jù. Wenzira jókòó sí ẹnu ọ̀nà ilé rẹ̀, ó ń tú irun kúrò lára irun, ti Lisheka sọ́tùn-ún, tirẹ̀ sósì. Èyí tó kúrú tí ó sì fẹ́lẹ́ ni ti ọmọ rẹ̀, irun ẹni tí ibà ṣe. Ó dà bíi pé òun tún ń sin Lisheka lọ sílé ọkọ lẹ́ẹ̀kejì, ó sì dùn ún ju ti àkọ́kọ́ lọ, nítorí pé lọ́tẹ̀ yìí kò ní sí nǹkan kan tirẹ̀ tó máa bá a lọ. Ó kó irun tirẹ̀ padà sínú igbá, ó dé e. Ó wá lọ́ ti ọmọ rẹ̀ mọ́ irungbọ̀n Bargaze. Irungbọ̀n náà le, ó funfun, ó ń ta ko ọwọ́ bí ẹni tó ni ín. Wenzira bá a jà títí ó fi gbà.

Ọjọ́ tí Dovare kọ́kọ́ ta á, ọ̀pọ̀ èèyàn gun Àpáta wá gbọ́. Ohùn tó jáde há. Ó dún bí ìgbà tí baba arúgbó kan jí láàárọ̀ tó ń wúkọ́. Àwọn ọmọdé bú sẹ́rìn-ín, ìgbà tó máa fi di ọ̀sán, gbogbo wọn ti ń wúkọ́ káàkiri. Bargaze kó aṣọ bo àgbọ̀n rẹ̀, ó lọ wọlé. Ṣùgbọ́n Wenzira wo ìsàlẹ̀, ó rí i pé Ashenda dúró jẹ́jẹ́. Pẹ́pẹ́yẹ kan ò ké. Kanduri na ọwọ́ sókè láti ìsàlẹ̀, ó ń dúpẹ́.

Àárọ̀ lẹ́yìn àárọ̀ ni okùn náà ń wúkọ́ sórí adágún. Kolubi kò dé. Ojú ọ̀run bẹ̀rẹ̀ sí í ṣú, àwọn erékùṣù bẹ̀rẹ̀ sí í tú ìdè. Bí ọ̀kan bá fẹ́ lọ, àwọn ará ibẹ̀ á wá kí Wenzira, wọ́n á sọ̀rọ̀ rọra bí a ṣe máa ń bá ọlọ́fọ̀ sọ̀rọ̀. Ìyẹn ló ń pa á lára jù. Àṣà wa ni pé okùn kì í kúrò lára Selume títí erékùṣù tó kẹ́yìn á fi lọ, Wenzira sì mọ àṣà náà dáadáa. Ó di ọjọ́ kan, Ashenda nìkan ló kù.

Àwọn ará Ashenda wá bá Kanduri pé kó tú okùn ìdè, torí ẹ̀yìn ilé rẹ̀ ni wọ́n ti so ó. Kanduri jókòó lé okùn náà lórí, ó kó òòlù sọ́wọ́, ó ń gbá ọkọ̀ rẹ̀.

“Mi ò tíì tún ọkọ̀ mi ṣe tán,” ó ní.

“O ti tún un ṣe tán tipẹ́. A rí ẹ tó o fi pẹja.”

“Ó tún bàjẹ́. Mo ní mo ń tún un ṣe. Ṣé kí n lọ sínú òjò láìlọ́kọ̀?”

Wenzira gbọ́ ọ láti inú ilé. Láti ìgbà tí ó ti fẹ́ ẹ, kò tíì rí kí Kanduri purọ́ tó dùn mọ́ ọn báyìí. Ó gbé oúnjẹ lọ fún un lórí okùn tó jókòó lé.

Bargaze ló wá sí Ashenda lọ́jọ́ kejì, tòun ti irun ètè òkè rẹ̀. “Ẹ má tíì lọ,” ó sọ fún gbogbo wọn. “Ìwọ̀ oòrùn ni afẹ́fẹ́ máa gbà wá lónìí.”

Wọ́n fi í rẹ́rìn-ín. Lásìkò yẹn nínú ọdún, ìlà oòrùn ni afẹ́fẹ́ ti ń wá, ọmọdé pàápàá mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹnì kan ní kí ló fi mọ̀ ọ́n, nígbà tí kò ní irungbọ̀n tó máa tutù mọ́. Bargaze ò bá wọn jà. Ó gun Àpáta, ó lọ dúró ti Selume. Wenzira tẹ̀ lé e, Dovare sì ta okùn náà.

Afẹ́fẹ́ ìlà oòrùn tó ń fẹ́ tẹ́lẹ̀ dáwọ́ dúró. Omi dákẹ́. Lẹ́yìn náà ni afẹ́fẹ́ mìíràn fẹ́ wá láti ìwọ̀ oòrùn, ó kan Wenzira lójú, òórùn kan sì wà nínú rẹ̀. Òórùn ewé kíkan ni, burúkú, bó ṣe máa ń rí. Wenzira fa á símú, ó tún fa á símú. Ó di apá Bargaze mú, ẹkún sì gbọ̀n ọ́n.

“Ṣé ẹ gbọ́ òórùn rádaràda yẹn, Bàbá?”

“Mo gbọ́ ọ,” ni Bargaze wí. “Wọn ò tíì kọ́ bí wọ́n ṣe ń yan ẹja.”

Nígbà tí Kolubi máa fi fara hàn, gbogbo Ashenda ti wà lórí Àpáta. Erékùṣù náà ti rù. Omi ti jẹ ẹ́ létí, ilé tó wà lórí rẹ̀ kò pọ̀ mọ́, ṣùgbọ́n èèyàn wà níbẹ̀, wọ́n ń ju apá. Ó wá bá Àpáta jẹ́jẹ́, kò fọ́ ọkọ̀ kankan. Temuzo ló kọ́kọ́ sọ̀kalẹ̀, ó ti darúgbó, ọ̀pá ló fi ń rìn. Ó rí ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó rí àgbọ̀n rẹ̀ tó mọ́ tónítóní, ó sì ju ọ̀pá nù, ó fẹ́ kúnlẹ̀. Bargaze tó ti ń dúró de orúnkún yẹn látọjọ́ yìí sáré mú un lábíyá kó tó kan ilẹ̀.

“Dúró, jọ̀ọ́. Tó o bá kúnlẹ̀ báyìí, ta ló máa gbé ẹ dìde?”

“Mi ò tíì sọ ọ́.”

“Sọ ọ́ lórí ìdúró.”

“Ẹ̀gbọ́n mi mọ ojú ọjọ́.”

“Pariwo ẹ̀. Àwọn ará Ashenda ò gbọ́.”

Lisheka wà lẹ́yìn Temuzo, ọmọbìnrin kékeré kan dì mọ́ ọn lọ́rùn. Irun Lisheka ti kún, ó ti gùn dé èjìká. Wenzira na ọwọ́ sí i, Lisheka sì wá bá a. Ọmọ náà wo ìyá àgbà rẹ̀, ó sì fi ojú pamọ́ sí ọrùn ìyá rẹ̀.

“A máa ń gbọ́ nǹkan, Màmá,” Lisheka sọ nígbà tí wọ́n jókòó. “Ṣùgbọ́n ó máa ń dà bíi kí ẹnì kan pe èèyàn, kó tún wá yíjú síbòmíì. Erékùṣù á mì díẹ̀, á sì dúró. A ti gbà pé ẹ ti sun okùn wa. Àfi bí a ṣe gbọ́ ẹnì kan láàárọ̀ ọjọ́ kan tó ń wúkọ́ lórí omi. Bàbá ọkọ mi ń ṣàìsàn nígbà yẹn, kì í dìde. Ó dìde jókòó lórí ẹní. Ó ní, ‘Bargaze nìyẹn. Ó ṣì wà láyé, ó ṣì ń bínú.’ Ó ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín. Kó tó dákẹ́, Kolubi ti yí orí padà.”

Wenzira ní ẹ̀bi òun ni gbogbo rẹ̀, pé irun òun ló dá wọn dúró sórí omi. Lisheka fetí sí i tán, ó sì kó gbogbo irun orí rẹ̀ síwájú.

“Ẹ gé e, Màmá. Ó ti tó okùn báyìí. Ẹ ṣe òmíì tí kò ní wúkọ́.”

“Kò sẹ́ni tó máa yọ irungbọ̀n mi kúrò níbẹ̀,” ni Bargaze sọ láti ibi tí òun àti àbúrò rẹ̀ jókòó sí. Ẹja Wenzira ni wọ́n ń jẹ. Dovare náà ní ohùn yẹn ti mọ́ òun lára. Títí di òní tí mò ń sọ ọ́ yìí, tí ẹ bá wà lórí Tumelu nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, tí ẹ gbọ́ baba arúgbó kan tó ń wúkọ́ lórí omi, ẹ má bẹ̀rù, Kolubi ni wọ́n ń pè.

Wenzira wọlé lọ mú òòyà àti ọ̀bẹ rẹ̀. Lisheka jókòó sílẹ̀ láàárín ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀, ó tẹ orí síwájú bí gbogbo ìyàwó ṣe máa ń ṣe, ó ń dúró de abẹ. Àìmọye irun ìyàwó ni Wenzira ti gé láyé rẹ̀. Ó wo ọ̀bẹ náà, ó gbé e fún ọmọ-ọmọ rẹ̀ kí ó bá òun gbé e lọ fún Kanduri. Ọmọ náà wò ó, ó wo ọ̀bẹ, ó sì gbà á. Wenzira wá la irun ọmọ rẹ̀ sí méjì láàárín orí, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í dì í.